Èjìká Tí Wọ́n Ní Ó Ń Bọ̀ Sípò

Ọjọ́ Ajé, 4 Oṣù Kẹjọ

Mo padà sọ́dọ̀ Ó-Ń-Bọ̀ lónìí. Dókítà Haverstick lorúkọ ẹ̀. Èmi ni mo sọ ọ́ ní Ó-Ń-Bọ̀. Látìgbà tí mo ti ṣubú lórí yìnyín níwájú ilé lóṣù Kìíní, tí eegun apá òsì mi kán níbi tó ti wọ èjìká, ọ̀rọ̀ kan náà ló ń tẹnu ẹ̀ jáde. "Ó ń bọ̀ sípò, Verna. Ẹ ṣe sùúrù." Ó wo àwòrán eegun fìrí. Ó rẹ́rìn-ín. Ó jáde.

Apá náà ṣì ń dùn mí. Ó rọ̀ sí ẹ̀gbẹ́ mi bí àlejò tí kì í bá onílé fọ abọ́. Àlejò ni mo ń pè é báyìí.

Ohun tó ń bà mí lẹ́rù nìyí, kí n kọ ọ́ sílẹ̀ kó má baà máa jẹ mí nínú: Màmá ò lè dá dìde. Èmi ni mò ń gbé wọn láti orí bẹ́ẹ̀dì sórí kẹ̀kẹ́ arọ wọn láràárọ̀. Apá kan ni mo fi ń ṣe é báyìí. Lyle, àbúrò mi, ti ní tí ọ̀rọ̀ apá yìí ò bá lójútùú kí ẹ̀ẹ̀rùn tó parí, òun á mú Màmá lọ sílé àwọn arúgbó. Láti Cleveland ló ti ń pàṣẹ. Orí tẹlifóònù ló ń gbé.

Ọjọ́rú, 6 Oṣù Kẹjọ

Mo pe ilé-iṣẹ́ adójútòfò tó ń sanwó ìtọ́jú mi, kí wọ́n jẹ́ kí n lọ rí oníṣẹ́ abẹ kan ní Columbus tó ń tún eegun tí kò so ṣe. Obìnrin tó gbé tẹlifóònù ní rárá. Fáìlì mi ní eegun ń san dáadáa. Lẹ́tà D ló wà níparí kóòdù mi. Ẹni tó ń san dáadáa, kí ló fẹ́ lọ ṣe lọ́dọ̀ oníṣẹ́ abẹ?

D. Bí ẹni pé mi ò mọ D! Iṣẹ́ tí mo fi ń jẹun láti ọdún mọ́kàndínlógún nìyẹn: mo ń ka ohun tí dókítà kọ nípa aláìsàn, mo ń sọ ọ́ di kóòdù fún àwọn adójútòfò. Eegun tó ń san, D. Èyí tó ń lọ́ra, G. Èyí tó kọ̀ tí kò so, K. Ohun tí dókítà bá kọ nìkan la lè lò, kódà kí àwòrán máa pariwo. Ẹni tó kọ D sí tèmi ò jẹ̀bi. Èmi náà ì bá kọ D. Ìyẹn ló ń bí mi nínú jù.

Ọjọ́bọ̀, 7 Oṣù Kẹjọ

Fáìlì kan dé síwájú mi níbi iṣẹ́. Awakọ̀ akẹ́rù kan. Èjìká, bíi tèmi. Dókítà tiẹ̀ kọ ọ́ gbangba pé eegun ò so. Mo tẹ K. Mo jowú ọkùnrin náà — wo ohun tí mo dà.

Àbámẹ́ta, 9 Oṣù Kẹjọ

Màmá fẹ́rẹ̀ẹ́ já bọ́ lọ́wọ́ mi láàárọ̀ yìí. Ìbàdí ni mo fi dá wọn dúró. A jọ jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, à ń mí hẹlẹhẹlẹ. Wọ́n ní, "Tó bá jẹ́ ijó la ń jó, o ò mọ̀ ọ́n jó." Mo rẹ́rìn-ín. Mo lọ sunkún nílé ìwẹ̀. Lyle ò gbọdọ̀ gbọ́.

Ọjọ́ Ajé, 18 Oṣù Kẹjọ

Mo bẹ̀bẹ̀ títí wọ́n fi tún jẹ́ kí n rí Ó-Ń-Bọ̀. Mo ti pinnu pé lónìí, màá bi í. Ó wọlé, mo la ẹnu, ohun tó jáde ni: "Dókítà, báwo lẹ ṣe máa júwe ibi tí eegun yìí dé?"

Òmùgọ̀ ni mí. Bí a ṣe ń béèrè níbi iṣẹ́ nìyẹn. Tí ohun tí dókítà kọ ò bá yé wa, a lè bi í, ṣùgbọ́n a ò gbọdọ̀ fi ìdáhùn sí i lẹ́nu. Ẹni tó bá fi sí i, iṣẹ́ lè bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀. Ó ti mọ́ mi lára débi pé mi ò lè béèrè nípa eegun ara mi. Ó ní, "Ó ń bọ̀ sípò." Mo ní ẹ ṣé. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀!

Nídìí ọbẹ̀ ọ̀dùnkún, Màmá bi mí pé kí ló dé tí mi ò kàn bi í bóyá ó so àbí kò so. Mo ní wọn kì í bi dókítà bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní, "Àwọn wo ni 'wọn'?" Mo wá ṣàlàyé gbogbo ẹ̀: D, K, Columbus. Wọ́n bi mí pé lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ náà, ìgbà wo ni mo tó lè gbé nǹkan. Mo ní ká kọ́kọ́ débẹ̀ ná.

Ẹtì, 22 Oṣù Kẹjọ

Lyle pè. Yàrá kan ti ṣófo nílé arúgbó etí odò. Mo ní kó lọ sùn síbẹ̀ fúnra ẹ̀.

Ọjọ́rú, 27 Oṣù Kẹjọ

Màmá ní dandan, àwọn ń bá mi lọ rí dókítà. Lyle wakọ̀ wá láti Cleveland — Lyle! — ó gbé wọn sínú mọ́tò láìjiyàn. Ó yẹ kí n ti fura.

Ó-Ń-Bọ̀ wọlé tẹ̀rín-tẹ̀rín. Màmá ò jẹ́ kó jókòó. "Dókítà, ṣé eegun ọmọ mi ti so àbí kò so? Ẹ má sọ fún mi pé ó ń bọ̀ o. Bàbá ẹ̀ náà ní òun ń bọ̀ lọ́dún 1971, a ṣì ń retí ẹ̀."

Lyle wúkọ́. Dókítà padà sídìí àwòrán, ó wò ó dáadáa. Ẹ̀rín ti lọ. Ó ní, "Kò so, Màmá. Kò sì jọ pé ó máa so fúnra ẹ̀." Ó ní òun ti ń retí pé ó máa yí padà ni. Ó sọ ọ́ sínú ẹ̀rọ tó ń gba ọ̀rọ̀ ẹ̀ sílẹ̀, níṣojú wa. Oṣù méje ìyà, ìbéèrè kan ṣoṣo ló gbà.

K mi dé! Inú mi dùn débi pé mò ń kọrin nínú mọ́tò. Màmá ń wo ìta.

Ìṣẹ́gun, 2 Oṣù Kẹsàn-án

Àwọn adójútòfò gbà. Mo sáré lọ sọ fún Màmá. Wọ́n ní, "Ó dáa. Èmi náà ti ṣètò tèmi."

Wọ́n ti ní kí Lyle gba yàrá etí odò yẹn. Wọ́n ti pinnu ẹ̀ láti alẹ́ tí mo ṣàlàyé K fún wọn. Wọ́n mọ ohun tí mò ń sá fún: lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ, fún oṣù mẹ́ta, mi ò ní lè gbé abọ́, ká má ṣẹ̀ṣẹ̀ wá sọ ìyá ẹni. Mo ní Lyle á wá dúró tì wá. Wọ́n ní, "Lyle?" Àwa méjèèjì mọ Lyle.

Mo pariwo mọ́ wọn. Mo ní kí ló dé tẹ́ ẹ fi lanu níwájú dókítà? Wọ́n ní, "Torí pé o ò lè la tìẹ."

Àìkú, 7 Oṣù Kẹsàn-án

Wọ́n lọ. Lyle ló gbé wọn. Apá méjì.

Ìṣẹ́gun, 9 Oṣù Kẹsàn-án

Nọ́ọ̀sì kan pè láti Columbus láti palẹ̀mọ́ fún iṣẹ́ abẹ. Ohùn ẹ̀ tutù. Ó béèrè oògùn tí mò ń lò, ó béèrè ẹni tó máa wakọ̀ gbé mi wá. Ó wá ní, "Mà, ẹ ò ní lè gbé ohunkóhun o. Ṣé ẹ lẹ́nì kankan nílé tẹ́ ẹ máa ń gbé dìde?"

Ẹnu ọ̀nà yàrá Màmá ni mo dúró sí. Mo ní rárá.

Ó ní ìyẹn dáa.