Bàbá Bọ́lárìnwá Láyíwọlá, Ẹni Tó Wọn Ìmí Ilẹ̀ (1948–2025)

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, ọmọ Ajílété, ni Bàbá Bọ́lárìnwá Láyíwọlá, àmọ́ Mushin ni wọ́n bí wọn sí ní ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù kẹta, ọdún 1948. Akínọlá, bàbá wọn, ń ṣe káfíńtà. Àrìnpé, ìyá wọn, ń ta ọṣẹ dúdú. Wọ́n ní lọ́jọ́ náà, ilẹ̀ mí débi pé omi ìwẹ̀ ọmọ ń jó nínú abọ́.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti òkèèrè wá bá wa kẹ́dùn, ẹ má jẹ́ kó yà yín lẹ́nu. Ilẹ̀ Mainland níbí máa ń mí. Láfẹ̀mọ́júmọ́, ooru rẹ̀ á rọra gòkè bí èéfín tí kò ní iná, ọmọ tó ń ké á dákẹ́, ìyẹ̀fun búrẹ́dì á wú kí wọ́n tó fi yíìsì sí i. Iṣẹ́ tí Bàbá fi gbogbo ayé wọn ṣe nìyẹn, wíwọn ìmí ilẹ̀.

Wọ́n ka ìwé ní Yaba. Ní ọdún 1969 ni Ọ́fíìsì Ìwọ̀n Ìmí gbà wọ́n síṣẹ́. Bí wọ́n bá dé ilé kan láàárọ̀, wọ́n á kí onílé, wọ́n á bọ́ bàtà, wọ́n á bu omi sínú abọ́ tánganran, wọ́n á sì rọra tẹ́ abẹ́rẹ́ lé omi lórí. Òǹkà wà létí abọ́ náà, láti oókan dé ọgọ́rùn-ún. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ mí kanlẹ̀. Ibi tí abẹ́rẹ́ bá tọ́ka sí lẹ́ẹ̀mẹta ni wọ́n ń kọ sórí máàpù ọ́fíìsì. Ijora jẹ́ mẹ́rìnlá, Àgùdà, mọ́kànlélógún.

Àgùdà yìí ni wọ́n ti pàdé Adùnọlá. Ìwé kẹta ni Adùnọlá ti dúró, ṣùgbọ́n orin ò kúrò lẹ́nu rẹ̀ rí.

“Sísí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dákẹ́ díẹ̀. Mò ń wọn ilẹ̀.”

“Ṣé ilẹ̀ ló sọ fún yín pé orí ń fọ́ òun?”

Ẹ̀rín pa Bàbá, abẹ́rẹ́ rì. Àárọ̀ mẹ́ta ni wọ́n fi pààrà ilé náà kí wọ́n tó rí nǹkan kan kọ. Wọ́n ṣègbéyàwó ní ṣọ́ọ̀ṣì Mẹ́tọ́díìsì ní ọdún 1974, níbi tí Bàbá ti ń ṣílẹ̀kùn fún ìjọ láràárọ̀ Sunday títí ẹsẹ̀ fi kọ̀.

Ní ọdún 1987, wọ́n kó wọ ilé ara wọn ní Ìjẹ̀ṣà-Tẹ̀dó. Ilé náà nìkan ló kù kí máàpù gbogbo Mainland pé. Bàbá wọ̀n ọ́n, abẹ́rẹ́ sáré dé àádọ́rùn-ún. Ẹnikẹ́ni ò rí irú rẹ̀ rí. Alhaja Sìdíkàt, ọ̀gá ọ́fíìsì, wá fúnra wọn. Adùnọlá ti lọ síbi ìsọmọlórúkọ lọ́jọ́ yẹn, ilé pa rọ́rọ́. Abẹ́rẹ́ tọ́ka sí oókan.

“Láyíwọlá, ilé ẹ lo fẹ́ fi ṣe yàngàn.”

Ìgbà náà ló tó yé Bàbá. Nígbà tí wọ́n ń wọ̀n ọ́n, Adùnọlá ń fọ abọ́ lẹ́yìnkùlé, ó ń kọrin. Ohùn rẹ̀ ti mọ́ wọn létí débi pé wọ́n kà á mọ́ ìdákẹ́jẹ́ẹ́.

Alhaja ní kí wọ́n kọ oókan, káwọn fọwọ́ sí máàpù, kí ìgbéga tẹ̀lé e. Bàbá ní, “Ẹ má bínú, mà. Oókan kọ́ nilé mi.” Wọ́n fi àyè ilé náà sílẹ̀ lófìfo. Máàpù ò gba ìfọwọ́sí, Bàbá ò sì di ọ̀gá títí wọ́n fi fẹ̀yìn tì.

Adùnọlá sunkún pé ẹnu òun ló ba iṣẹ́ ọkọ òun jẹ́. Ọjọ́ mẹ́jọ ni kò fi kọrin. Ní ọjọ́ kẹsàn-án, Bàbá ní, “Ìyá Christianah, máa kọrin jàre. Ilẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ ni. Kò tíì mọ̀ ọ́n.”

Ó bá dá a:

Ilẹ̀ tó ń mí, mo dé o,
Mo mú ọkọ mi dé o.
Bí mo bá sùn, bá mi gbè é,
Bí mo bá lọ, bá mi dá a.

Ọdún méjìdínlógójì ló fi kọ ọ́, nídìí ààrò, nídìí aṣọ fífọ̀, lẹ́bàá àkéte.

Láàárọ̀ ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kọkànlá, ọdún 2025, Christianah gbé abọ́ Bàbá sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn. Adùnọlá dì wọ́n lọ́wọ́ mú, ó ń kọrin. Abẹ́rẹ́ wà ní àádọ́rùn-ún. Èémí Bàbá rọlẹ̀ bí ìgbà tí ẹyẹ bà. Orin dá lẹ́nu Adùnọlá. Ilé dákẹ́.

Abẹ́rẹ́ ò kúrò ní àádọ́rùn-ún.

Christianah kà á lẹ́ẹ̀mẹta, ó sì ránṣẹ́ sí Alhaja Sìdíkàt. Alhaja ti pé ẹni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rùn-ún. Ọ̀pá ni wọ́n tẹ̀ wá. Wọ́n bọ́ bàtà. Àwọn náà kà á lẹ́ẹ̀mẹta. Wọ́n ní, “Láyíwọlá, mo wá tọrọ gáfárà.” Wọ́n béèrè báírò, wọ́n kọ àádọ́rùn-ún sí àyè tó ṣófo náà, wọ́n fọwọ́ sí máàpù. Máàpù náà ló wà lẹ́yìn ìwé yìí, pípé.

Bàbá fi ìyàwó wọn Adùnọlá sáyé lọ. Àwọn ọmọ wọn, Christianah àti Olúwajùwọ́n. Àti ọmọ-ọmọ mẹ́rin, tí Purity, tó ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń tẹ́ abẹ́rẹ́ lé omi, jẹ́ àgbà wọn.

Bí ẹ bá ń wọlé wá jẹun, ẹ dákun, ẹ bọ́ bàtà yín lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ dákẹ́ díẹ̀. Ẹ ó fi àtẹ́lẹsẹ̀ gbọ́ ọ.

Bàbá Christianah, ẹ sùn wọra. Ilẹ̀ ti mọ̀ ọ́n.