Kọfí Ló Dá Ẹjọ́ Òkè

Ẹ̀gbọ́n mi Rowena,

Mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ láti Larkfall. Mo gbà pé ara yín le, àti pé ooru etíkun ò tíì yọ́ yín. Ọ̀rọ̀ ńlá ló mú mi kọ̀wé. Ẹ jókòó, ẹ mọ́kàn le: ọmọrí ìgò kọfí Bàbá àgbà ti sọnù.

Orí òkè ló ti sọnù. Ẹ rántí pé ogójì ọdún ni Bàbá àgbà ti ń sọ pé, nínú orí mẹ́ta tí òkè wa ní, ti àárín ló ga jù. Ẹnikẹ́ni ò gbà, torí ìkùukùu kì í kúrò lórí ẹ̀. Ti ìwọ̀-oòrùn nìlú ń gùn lóṣù kẹjọ, tí kálukú ń gbé òkúta kan lọ fi kún òkìtì orí ẹ̀, kó má bàa kéré. Lọ́dún yìí, wọ́n fẹ́ kọ orúkọ orí tó ga jù sára pátákó ẹnu ọ̀nà ìlú. Ìyáàfin Voss, alága ìgbìmọ̀ pátákó, sọ fún Bàbá àgbà pé: "Orrin, òkìtì òkúta yẹn nìkan ga jù ẹ́ lọ. Mú ẹ̀rí wá kó tó di Mọ́ńdè, àbí kó o panu mọ́."

Ní Sátidé, afẹ́fẹ́ gbígbẹ fẹ́, ojú ọ̀run là. Àárọ̀ kùtù la gùn ún, torí lẹ́yìn ọ̀sán, ààrá ló ni òkè. Orúnkún Bàbá àgbà ń dún bí ilẹ̀kùn. Ìyáàfin Voss tẹ̀lé wa láti wá rẹ́rìn-ín.

Ní orí àárín, Bàbá àgbà mu kọfí dé ìdajì, wọ́n dé ìgò, wọ́n fi í lélẹ̀ gbalaja, wọ́n di ojú kan, wọ́n sì wo ojú kọfí náà, tó máa ń tẹ́jú pẹrẹsẹ, lọ sí àwọn orí yòókù bí ọdẹ tó ń fi ìbọn wo ẹran. Orí ìlà-oòrùn wà nísàlẹ̀ ojú kọfí. Ti ìwọ̀-oòrùn, tòun ti òkìtì, wà nísàlẹ̀. Ìyáàfin Voss yí ìgò náà padà, bóyá kọfí ń ṣojúsàájú. Wọ́n wò ó lẹ́ẹ̀mẹta.

Wọ́n ní, "Orrin, àárín ni."

Bàbá àgbà sunkún; wọ́n ní atẹ́gùn ni. Wọ́n ṣí ìgò láti mu kọfí ìṣẹ́gun, atẹ́gùn sì gbé ọmọrí lọ sí àríwá, níbi tí ìkùukùu dúró sí bí ògiri. A ò wo ẹ̀yìn ìkùukùu náà. Pátákó ti dúró báyìí, orúkọ Bàbá àgbà wà lábẹ́ ẹ̀.

Kí ohun tó bo ẹ̀tọ́ yín mọ́lẹ̀ ká kúrò lójú yín.

Àbúrò yín tó ru ìgò,
Emmett

Àfikún: Èyí dé láàárọ̀ yìí látọ̀dọ̀ àwọn awọnlẹ̀ ìjọba, tí a fi àbájáde wa ránṣẹ́ sí.

ÌKÉDE: A ti gba àbájáde kọfí yín. Òótọ́ ni pé orí àárín ga ju méjì yòókù lọ. Àmọ́ orí kẹrin wà ní àríwá, lẹ́yìn ìkùukùu, tó fi ẹsẹ̀ bàtà mọ́kànlá ga jù ú. Kò tíì ní orúkọ. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má gbé òkúta lọ síbẹ̀.