Ohùn Yín Lẹ́nu Òyìnbó Swídìn

Bàbá mi tí mo fẹ́ràn jù,

Ẹ jókòó dáadáa níbi tí ẹ wà, torí inú mi ń dùn gan-an!

Ṣé ẹ rántí Bọ̀dá Làmídì tó ni ilé ìwòran bọ́ọ̀lù l'Ẹ́gbẹ̀dá? Fíìmù àtijọ́ kan bọ́ sí wọn lọ́wọ́, láti ilẹ̀ Swídìn. Eré apanilẹ́rìn-ín ni, àmọ́ ẹnu lásán làwọn òyìnbó ibẹ̀ ń là, kò sóhùn. Mo ní kí wọ́n gbé máìkì fún mi kí n máa fi Yorùbá sí wọn lẹ́nu. Wọ́n ní bí èrò bá rẹ́rìn-ín dópin, mo ti ríṣẹ́ nìyẹn. Bí wọn ò bá rẹ́rìn-ín ńkọ́? Àǹtí Alákíà, àbúrò yín, ti dé láti mú mi lọ kọ́ṣẹ́ aránṣọ. Màámi ti gbé báàgì mi dání wá síbi ìwòran. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé èmi àti abẹ́rẹ́ kì í ṣọ̀rẹ́.

Orúkọ ẹni tó kọ ìtàn náà kọjá fìrí níbẹ̀rẹ̀. Kọ́pà kan, àgùnbánirọ̀ tó wá wòran, wá a lórí fóònù: ó kọ eré púpọ̀ nígbà tí fíìmù ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ilẹ̀ wọn, síbẹ̀ ẹni tó mọ̀ ọ́n ò pọ̀. Ẹ̀yin ni mo rántí! Eré mélòó lẹ kọ fún àwọn òṣèré fíìmù tiwa? Ẹ á ní kí èmi àti Rìsì ẹ̀gbọ́n mi má ṣẹ́jú títí orúkọ yín á fi kọjá lójú tẹlifíṣọ̀n. Lọ́jọ́ tí wọn ò kọ ọ́ rárá, ẹ kàn pàtẹ́wọ́. Ṣé kò dùn yín ni? Mo fi máìkì pe orúkọ òyìnbó náà. Mo ṣì í pè, ó dájú, àmọ́ mo pè é.

Láti ẹ̀yìn ìrun Jímọ̀ nilé ti kún. Mo fi ohùn alága ọlọ́kadà sẹ́nu ọlọ́pàá, mo fi ti Àǹtí sẹ́nu ìyàwó. Ẹ̀rín ń sọ. Àfi bí ohùn ṣe tán lẹ́nu mi. Ẹnì kan ké láti àárín èrò:

"Ọmọ yìí, o ti gbé ahọ́n mì ni? Ẹ fi bọ́ọ̀lù sí i jàre!"

Bọ̀dá Làmídì nawọ́ sí máìkì. Lójú ògiri, òyìnbó oníkùn ńlá kan ń wá awò ojú rẹ̀ káàkiri, bẹ́ẹ̀ orí rẹ̀ ló wà. N ò rò ó. Ohùn yín ló jáde:

"Ta ló gbé awò mi o? Olè ló kún ilé yìí! Ó ku èmi nìkan, èmi náà ò dá ara mi lójú!"

Gbogbo èrò yíjú sí mi. Gbogbo àdúgbò ló mọ ohùn yẹn, Màámi sì ti kìlọ̀ láti ìgbà tí a ti sin yín pé n ò gbọdọ̀ fi ṣeré. Mo ti dáràn. Màámi dìde lẹ́yìn, wọ́n nàka sí òyìnbó:

"Bàbá Rìsì! Ẹ fọwọ́ kan orí yín! Ojoojúmọ́ ayé!"

Bàbá mi, òyìnbó yẹn fọwọ́ kan orí!

Ariwo ẹ̀rín fẹ́rẹ̀ẹ́ ká páànù kúrò lórí ilé. Mo tún fi ohùn yín dá wọn lóhùn:

"O ṣeun, Ìyá Rìsì. Kí ni ǹ bá ṣe láìsí ẹ?"

Màámi rẹ́rìn-ín títí tí wọ́n fi gèlè bojú. Àǹtí nìkan ló wọkọ̀ padà sí Alákíà.

Bí a ṣe ń lọ sílé, Màámi bi mí, bí ẹni tí kò kà á sí, bóyá òyìnbó oníkùn yẹn á tún sọ̀rọ̀ ní Jímọ̀ tó ń bọ̀. Mo ní á sọ̀rọ̀.

Ṣé ẹ gbà bẹ́ẹ̀?

Èmi ni, ọmọbìnrin yín tó mú ohùn yín láìtọrọ, tó sì fẹ́ràn yín bí ojú.