Nọ́ńbà Ara Akoto

Ọjọ́bọ̀, Àkúrẹ́.

Akin pè láti Oǹdó lónìí. Òun ni ọlọ́kadà tó sọ fún wa bí ilé-iṣẹ́ tó ń fi áàpù wá èrò fún wọn ṣe ń rẹ́ wọn jẹ. A fi orúkọ rẹ̀ pamọ́ nínú ìròyìn tá a gbé jáde, a sì bo ojú rẹ̀ nínú fọ́tò. Nọ́ńbà tí ilé-iṣẹ́ yẹn kọ sára akoto rẹ̀, kò sẹ́ni tó bò ó. Ilé-iṣẹ́ náà fi nọ́ńbà yẹn dá a mọ̀, wọ́n sì ti yọ ọ́ kúrò lórí áàpù wọn láàárọ̀.

Àwa akọ̀ròyìn mẹ́rin la jọ ni ìwé ìròyìn ìmọ̀ ẹ̀rọ orí íńtánẹ́ẹ̀tì yìí, gbogbo wa la sì gbọ́dọ̀ yẹ ìròyìn wò kó tó jáde. Mo rò pé Fúnkẹ́ ti wo fọ́tò. Fúnkẹ́ rò pé èmi ti wò ó.

Ẹ̀wà mi ti tutù síwájú mi. Mi ò tiẹ̀ rí ẹkún sun.

Akin ò pariwo. Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́ àǹtí, ẹ fún mi ní nọ́ńbà ọ̀gá yín, kí n fẹjọ́ yín sùn."

Mo ní a ò ní ọ̀gá. Ohun tá a máa ń fi yangàn nìyẹn.

Ó ní, "Ta ni mo wá fẹ́ bá jà báyìí, àǹtí?"