Ìwé Tó Pa Bàbá Wa Láàyè

Àbúrò mi,

Ìyàwó wa ńkọ́? Àwọn ọmọ mi ńkọ́? Gbogbo ilé ń kí yín. Orúnkún Bàbá ti fúyẹ́ díẹ̀, oògùn tó o fi ránṣẹ́ ṣiṣẹ́. Òjò ba òrùlé yàrá iṣẹ́ wọn jẹ́, àmọ́ a ti tún un ṣe.

Ìwé rẹ dé. Oǹkọ̀wé ńlá! Ìwé tó ń kọ́ aráyé bí wọ́n ṣe ń fi abẹ́rẹ́ àti òwú rán ìwé pọ̀, gọ́ọ̀mù lásán ni wọ́n fi lẹ òun alára. Mo ṣí i lẹ́ẹ̀kan péré, ojú ewé bẹ̀rẹ̀ sí í já bọ́ sílẹ̀ bí ewé gbígbẹ. Àwòrán rẹ ló kọ́kọ́ bọ́, níbi tó o ti di abẹ́rẹ́ mú bí ẹni tó di akàn mú. Ìwọ tó jẹ́ pé bí Bàbá bá ti mú òwú jáde báyìí, inú rírun rẹ dé nìyẹn!

Bàbá mú abẹ́rẹ́ àti òwú wọn. Wọ́n jókòó, wọ́n ń rán an padà, títí wọ́n fi kan ibi tó o kọ ọ́ sí pé: "Bàbá mi tó kọ́ mi níṣẹ́ yìí ti di olóògbé." Wọ́n kà á tán, wọ́n sì rán ojú ewé náà mọ́ ọn.

Ṣé ikú Bàbá ló máa jẹ́ kí ìwé tà ni? Ojú ò tiẹ̀ tì ọ́!

Ọlọ́run ò ní jẹ́ kí àwọn ọmọ rẹ sin ọ́ láàyè. Bàbá ní kí n kí ọ. Wọ́n ní tó o bá ń bọ̀ wá sìnkú àwọn, kó o ra òwú dání, torí ìwé rẹ ti jẹ èyí tó kù nílé tán.

Èmi ẹ̀gbọ́n rẹ obìnrin.