Fóònù Yín Ti Ń Gbàgbé Yín

Bàbá mi ọ̀wọ́n, ẹ̀yin tí mo ṣì ń retí ikọ́ yín láti inú yàrá,

Fóònù yín ṣì wà lọ́wọ́ mi. Ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ kí n pa gbogbo inú rẹ̀ rẹ́, kí ìyàwó wọn ní Gonzagueville lè máa lò ó. Mo kọ̀ jálẹ̀. Èmi nìkan ló kù nínú ilé yìí ní Yopougon, nílẹ̀ àjò. Tí mo bá ti ọjà Adjamé dé, tí mo kírun tán, orí ẹní yín ni mo máa ń jókòó sí láti ṣí i.

Ohun tí ẹ fẹ́ràn ni yóò kó jáde: fídíò àgbò tó ń kan ara wọn, àti wáàsí àwọn áfáà Ògbómọ̀ṣọ́ tí ẹ máa ń ṣe àmín sí sókè, tí Tántì, aládùúgbò wa, á máa fi yín rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní ìṣirò kan wà nínú rẹ̀ tó ń ṣọ́ ohun tí èèyàn ń wò, tó sì ń wá irú rẹ̀ fún un. Kò mọ̀ pé ẹ ti kú. Inú mi dùn sí i, Bàbá. Ó kéré tán, ẹnìkan ṣì ń dúró dè yín.

Àfi ọjọ́ tí mo rí obìnrin kan tó ń kọ́ni bí wọ́n ṣe ń se oúnjẹ ẹnìkan ṣoṣo. Mo wò ó tán. Ilẹ̀ mọ́, irú obìnrin bẹ́ẹ̀ ló kún inú fóònù. Àwọn àgbò yín dín kù. Ẹ̀rù bà mí.

Mo dọ́gbọ́n. Mo wá wáàsí, mo gbé fóònù sórí ẹní yín, mo lọ fọ abọ́, kó lè rò pé ẹ̀yin lẹ ń gbọ́ ọ. Ẹ wo àgbàlagbà bí èmi, mo ń tan ẹ̀rọ jẹ. Kò gbà. Lọ́jọ́ kejì, bí èèyàn ṣe ń fara da òfò ló gbé wá. Mo bínú, mo dà á dé. Ta ló sọ fún un?

Tí n kò bá ṣí i, ilé á pa lọ́lọ́. Tí mo bá sì ṣí i, èmi ló ń mọ̀, ẹ̀yin ló ń gbàgbé. Kí ni kí n ṣe, Bàbá?

Lánàá, wáàsí kan ṣàdédé yọ. N kò wá a o. Ṣé ẹ̀yin ló gbé e wá fún ni, àbí èmi? Nígbà tí áfáà dé ibi àdúrà, mo dúró dè yín díẹ̀. Lẹ́yìn náà ni mo ṣe àmín, mo sì ṣe é sókè, kí Tántì lè gbọ́.

Èmi ni,
ọmọbìnrin yín tó ṣì ń se oúnjẹ ẹni méjì.