Ohùn Bàbá Rẹ Nínú Odi Orí Kọ̀ǹpútà

Ṣilan ọmọ mi,

Ṣé dáadáa lo wà ní ìlú Amed níbẹ̀, ṣé ara le, ṣé o sì ń jẹun lásìkò? Àwa náà wà ńbí, yìnyín ti ń yọ́ lórí òkè, ewúrẹ́ mẹ́rin ti bí, Ọlọ́run ò sì ní jẹ́ ká fi ẹkún gbọ́ orúkọ rẹ.

Fọ́ọ̀mù tí o ní kí bàbá rẹ fọwọ́ sí, èmi ni mo fi í pamọ́ sínú àpò ìyẹ̀fun. Má bínú. Mo rí "ọmọ ogun" nínú rẹ̀, mo rí "odi", mo ní wọ́n tún fẹ́ mú Temo bàbá rẹ lọ sójú ogun nìyẹn, ọkùnrin ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin tó ń sinmi lẹ́ẹ̀mejì kó tó gun àtẹ̀gùn tán. Ó wá a títí, mo ní bóyá ewúrẹ́ ló jẹ ẹ́.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ ni Olùkọ́ Bawer gbé kọ̀ǹpútà rẹ̀ wá sílé wa, ó ní ká wá wo eré ogun orí kọ̀ǹpútà tí o bá àwọn òyìnbó ṣe. Ó ní tẹ́lẹ̀, Lárúbáwá ni wọ́n ń pe gbogbo wa nínú eré náà, wọ́n á gbé wa gun ràkúnmí, àwa Kurdi ò sí níbẹ̀ àfi bí olè ojú ọ̀nà, bẹ́ẹ̀ ọmọ Kurdi ni Selahedin tó gba Jerúsálẹ́mù. Ó ní ẹ̀ẹ̀mẹfà lo kọ̀wé sí wọn kí wọ́n tó gbà. Mo wò ó, mo rí odi orí òkè wa, kò tíì wó, àwọn ọmọkùnrin dúró lórí rẹ̀ nínú irú ṣòkòtò tó fẹ̀ tí bàbá bàbá rẹ máa ń wọ̀. Bawer tẹ ọ̀kan nínú wọn, ọmọ náà dáhùn ní èdè wa pé òun wà níbẹ̀, kò sẹ́ni tó máa kọjá. Ṣilan, ohùn bàbá rẹ ni. Mo bojú wẹ̀yìn, bàbá rẹ ló jókòó yẹn, kò la ẹnu.

Ó ní o gba ohùn òun sórí fóònù nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, òun rò pé ò ń ṣeré ni. Lẹ́yìn náà ló sọ ohun tí kò sọ fún mi láti ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta tí a ti fẹ́ra, pé nígbà tí òun wà lọ́mọ ọdún méje, olùkọ́ kan na òun lọ́wọ́ títí ó fi ṣẹ̀jẹ̀, torí pé òun fi èdè Kurdi, tí ìjọba kà léèwọ̀, tọrọ omi. Ó ní kí Bawer tún un tẹ̀. Hesso aládùúgbò wa, tó máa ń bú mi pé ọmọ mi kàwé tán ó lọ ń ṣeré ọmọdé, òun náà ní kí wọ́n tún un tẹ̀.

Bàbá rẹ ti fọwọ́ sí fọ́ọ̀mù pé kí wọ́n máa lo ohùn òun, mo ti gbọn ìyẹ̀fun ara rẹ̀ dànù. Àmọ́ sọ fún ọ̀gá rẹ pé búrẹ́dì àti ẹran tí wọ́n ń jẹ nínú eré náà nìkan ò tó àwọn ọmọ orí odi yẹn, kí ó fún wọn ní wàrà kíkan. Àwọn tó bá sì kú, ta ló ń lọ sọ fún ìyá wọn? Bàbá rẹ tún ní ẹnubodè odi yẹn kọjú síbi tí kò yẹ, kí ẹ tètè tún un mọ kí ọ̀tá tó mọ̀.

Jọ̀ọ́, fi owó lira díẹ̀ ránṣẹ́ fún tíì àti ṣúgà, torí àwọn ará abúlé méjì ló ti wá gbọ́ ohùn náà, mi ò sì lè jẹ́ kí wọ́n lọ lófìfo. Bàbá rẹ ní ní tòun, òun ò gbowó. Níbi tí ẹ bá ti ń kọ orúkọ àwọn tó ṣiṣẹ́ eré náà, kí ẹ má kọ orúkọ tí ìjọba fún un nínú ìwé. Ó ní kí ẹ kọ Temo ọmọ Guhdar, ará Kurdi.

Wàrà ọmú mi tí o mu, hàláàlì ni fún ọ, mo yọ̀ǹda rẹ̀ tọkàntọkàn.

Ìyá rẹ,
Perihan